Lẹ́tà Ilé Tí Kàátán Kà ní Mísà

Ọjọ́ kẹrin, oṣù Kejì

Àbúrò mi,

Ká kọ́kọ́ yanjú ohun tó wà nílẹ̀ ká tó kíra. Owó iṣẹ́ abẹ ojú Màmá tí o fi ránṣẹ́ tó. Dókítà gba tirẹ̀, olóògùn gba tirẹ̀, àlọ àti àbọ̀ ọkọ̀ wà nínú rẹ̀, èyí tó ṣẹ́ kù ni mo fi ra bùláńkẹ́ẹ̀tì fún un. Mi ò jẹ ọ́ ní nǹkan kan. Ìwọ lo jẹ gbèsè. O jẹ mí ní èsì lẹ́tà mẹ́ta, o sì jẹ Màmá ní ojú rẹ. Nígbà tí wọ́n tú aṣọ kúrò lójú rẹ̀, ó ní ìwọ lòun ìbá fẹ́ kọ́kọ́ fi ojú náà rí. Èmi ló rí. Ó wò mí títí, ó ní, "Ìwọ náà ti darúgbó tó báyìí?"

Ó yá, mo kí ọ. Ṣé ara le? Ṣé iṣẹ́ Ọlọ́run ń lọ déédéé, ṣé àwọn àgùntàn kì í ta ọ́ nípàá? Mo mọ̀ pé "ẹ̀yin" ló yẹ kí n máa pe Bíṣọ́ọ̀bù. Bí mo bá rí ọ ní gbangba, màá kúnlẹ̀ fún òrùka rẹ bí gbogbo ayé ṣe ń kúnlẹ̀. Ṣùgbọ́n inú lẹ́tà la wà yìí, ẹ̀yìn tí mo fi pọ̀n ọ́ ṣì ń dùn mí.

Èsì kan ṣoṣo tó ti ọ̀dọ̀ rẹ wá láti ọdún tó kọjá, akọ̀wé rẹ ló fi ẹ̀rọ tẹ̀ ẹ́ ní èdè òkè òkun ibẹ̀. Mo gbé e lọ bá aránṣọ tó wà ní òdìkejì ọ̀nà kó bá mi túmọ̀ rẹ̀. Ó ní, "'Ọ̀rẹ́ wa nínú Kristi, Olúwa wa Bíṣọ́ọ̀bù ti rí ìwé yín gbà, wọ́n sì ń rántí yín nínú àdúrà.'" Ó ká ìwé náà, ó ní, "Oníbúrẹ́dì, ta lẹ ń bá ṣọ̀rẹ́ láti ọjọ́ yìí?" Mo ní ọmọ ìyá mi ni. Ó ní, "Ó dára, ọ̀rẹ́ yín kí yín." Má sì ní kí n fi tẹlifóònù pè ọ́. Mo ti pè. Akọ̀wé yẹn náà ló gbé e, ó ní kí n dúró, mo dúró títí owó mi fi tán.

Láti ìgbà tí ìròyìn ti dé pé o joyè, Màmá kò jókòó sí ibi tó ń jókòó sí tẹ́lẹ̀ mọ́. Wọ́n gbé àga kan síwájú ṣọ́ọ̀ṣì lápá ọ̀tún, wọ́n fi tìmùtìmù pupa sórí rẹ̀, wọ́n ní ti Ìyá Bíṣọ́ọ̀bù ni. Katikísì wa, ẹni tí ẹ̀yin ọmọ pẹpẹ sọ ní Kàátán nítorí pé bó bá ti ń kàwé kò sí ohun tó lè dá a dúró, òun ló ń mú un lọ́wọ́ lọ síbẹ̀. Tèmi ni pé ẹni tó fẹ́ ra búrẹ́dì kan á kọ́kọ́ bi mí bóyá àbúrò mi lè bá ọmọ òun wá ilé ẹ̀kọ́ níbẹ̀. Mo ní àpótí kan tó kún fún ìwé ẹ̀bẹ̀. Kò sí ìkankan nínú wọn tó ra búrẹ́dì méjì.

Ohun tí mo fẹ́ kò ju ọ̀kan lọ. Màmá fẹ́ kí o wálé kí òjò tó bẹ̀rẹ̀. Lẹ́gbẹ̀ẹ́ ibojì Bàbá, àyè méjì ló kù. Ó ní ọ̀kan ni tòun, èkejì ni tìrẹ, ó sì ń gbá a bí ẹni ń gbá iyàrá. "Fada" ló ṣì ń pè ọ́. Ó ní, "Fada kò bímọ. Ta ni yóò máa fa koríko orí rẹ̀ bí kò bá sí lọ́dọ̀ wa?" Ó fẹ́ kí o wá fi ojú ara rẹ rí ibẹ̀, kí o sì súre sí i. Sọ ìgbà tí o máa wá. Fi èsì ránṣẹ́ sí Fada ìjọ wa bí a ti ń ṣe é, nítorí pé ewúrẹ́ ló ń sùn nílé ìfìwéránṣẹ́ wa.

Èmi ni ẹ̀gbọ́n rẹ.


Ọjọ́ kẹwàá, oṣù Kẹta

Ẹ̀gbọ́n mi ọ̀wọ́n,

Kí àlàáfíà Olúwa wà pẹ̀lú yín. Ẹ bá mi kí Màmá, ẹ ní mo dọ̀bálẹ̀. Mo dúpẹ́ pé ojú wọn là. Ẹ má bínú nítorí akọ̀wé. Lẹ́tà tó ń wọlé sí ọ́fíìsì yìí lóòjọ́ pọ̀ ju ohun tí èèyàn kan lè kà lọ, ohun kan náà ló sì ń kọ sí gbogbo wọn.

Ilé tí wọ́n fi mí sí tóbi. Àwọn yàrá kan wà níbẹ̀ tí mi ò tíì ṣí. Àwòrán àwọn Bíṣọ́ọ̀bù tó ti jẹ rí wà lára ògiri láti ẹnu ọ̀nà dé yàrá oúnjẹ, gbogbo wọn jẹ́ ọmọ ibí, gbogbo wọn sì dà bí ẹni tí wọ́n jí lójú oorun. Tábìlì oúnjẹ gba èèyàn méjìlá. Obìnrin tó ń dáná ń tẹ́ àwo kan ṣoṣo sí ìpẹ̀kun rẹ̀, á wá jókòó sí ilé ìdáná kó lè máa gbọ́ bóyá mo nílò iyọ̀.

Ní ti wíwálé mi, mo gbé e síwájú Olúwa. Iṣẹ́ pọ̀ ní àkókò yìí. Nígbà tí àkókò Ọlọ́run bá tó, ọ̀nà yóò là. Ẹ sọ fún Màmá pé mò ń bọ̀ láìpẹ́.

Àbúrò yín nínú Kristi.


Ọjọ́ kọkàndínlọ́gbọ̀n, oṣù Kẹta

Àbúrò mi,

Àkókò Ọlọ́run kọ́ ni mo bèèrè. Tìrẹ ni mo bèèrè.

Mo kí ọ náà. "Láìpẹ́" tí o kọ yẹn, mo kà á fún Màmá. Ó bi mí pé, "Láìpẹ́ ti èwo?" Nítorí pé láìpẹ́ lo sọ nígbà tí o lọ kàwé kún ìwé, láìpẹ́ lo sọ nígbà tí wọ́n fún ọ ní ìjọ àkọ́kọ́, láìpẹ́ lo sọ nígbà tí Bàbá wà lórí àìsàn. Bàbá kú sínú láìpẹ́ rẹ. O fi òdòdó ránṣẹ́. Òdòdó náà gbẹ kó tó dé, mo sì san owó kí wọ́n tó fún mi.

Oníṣòwò ni mí. Bí ẹni tó ń kó fúláwà fún mi bá ní kò sí, inú mi á bàjẹ́, màá wá ọ̀nà mìíràn. Bó bá ní ó ń bọ̀, tí kò dé, ààrò mi á tutù, àwọn oníbàárà mi á lọ sí ibòmíràn. Èyí tó sọ pé kò sí, mo ṣì ń bá a ṣòwò. Èyí tó ń sọ pé ó ń bọ̀, mo ti lé e.

Nítorí náà, sọ ọ́ bó ṣe rí. Fi ọwọ́ ara rẹ kọ ọ́, ní èdè wa, má fi sábẹ́ ẹ̀rọ akọ̀wé. Kọ ọ́ bí o ṣe máa ń kọ̀wé sí mi láti sẹ́mínárì pé ebi ń pa ọ́, pé wọ́n jí ọṣẹ rẹ. Ẹni yẹn ni mo fẹ́ gbọ́ ohùn rẹ̀.

Èmi ni.


Ọjọ́ kejìdínlógún, oṣù Kẹrin

Ẹ̀yin ìdílé mi ọ̀wọ́n nínú Olúwa,

Kí oore-ọ̀fẹ́ àti àlàáfíà máa jẹ́ tiyín. Mo ń dúpẹ́ nígbà gbogbo fún ìgbàgbọ́ yín, fún sùúrù yín, àti fún ìfẹ́ tí ẹ ti ní sí mi láti kékeré mi wá. Ìrántí yín ni oúnjẹ mi ní ilẹ̀ àjèjì.

Ẹ ní kí n sọ òótọ́. Òun nìyí. Mi ò ní lè wálé kí òjò tó bẹ̀rẹ̀, mi ò sì mọ ọdún tí màá wá.

Ẹ má jẹ́ kí aṣọ mi tàn yín. Wọ́n fi mí joyè níbí kí n lè máa ti ṣọ́ọ̀ṣì pa ni. Àwọn èèyàn ti dín kù, òrùlé ń jò, ọmọkùnrin kankan kò fẹ́ ṣe àlùfáà mọ́. Ọmọ ibí kankan kò sì fẹ́ fi ọwọ́ ara rẹ̀ ti ibi tí wọ́n ti ṣèrìbọmi fún ìyá rẹ̀, ni wọ́n bá wá àlejò. Mo lọ sí ọ̀kan lóṣù tó kọjá láti sọ fún wọn pé tiwọn ti parí. Ìyá arúgbó kan dìde, ó ní, "Olúwa mi, ṣé ṣọ́ọ̀ṣì ti tán níbi tí ẹ ti wá ni, tó fi jẹ́ tiwa lẹ wá ń tì?" Àwọn tó kù rẹ́rìn-ín. Títí di òní wọ́n wà nínú ṣọ́ọ̀ṣì náà. Àwọn kan ń jókòó tì í lọ́sàn-án, àwọn kan ń sùn tì í, wọ́n gbé bùláńkẹ́ẹ̀tì àti fíláàsì tíì wá. Bí mo bá wọ ọkọ̀ òfuurufú báyìí, ohun tí wọn yóò sọ ni pé àlejò ti sá lọ sílé.

Èyí tó kù le jù bẹ́ẹ̀ lọ. Bíṣọ́ọ̀bù tó bá kú sórí àga níbí, abẹ́ ilẹ̀ kàtídírà, ìyẹn ṣọ́ọ̀ṣì àgbà tí àga rẹ̀ wà, ni wọ́n ń sin ín sí. Wọ́n ti mú mi wo ibẹ̀. Ọkùnrin tó ń gbálẹ̀ ló fi igi ìgbálẹ̀ tọ́ka sí i fún mi, ó ní, "Tiyín nìyẹn, lẹ́gbẹ̀ẹ́ páìpù omi gbígbóná." Ó rò pé inú mi yóò dùn nítorí òtútù. Àyè tí Màmá ń gbá lẹ́gbẹ̀ẹ́ Bàbá, mi ò ní lò ó. Ẹ má sọ fún wọn. Ẹ jẹ́ kí wọ́n máa gbá a. Ẹ ní mò ń bọ̀ nígbà Kérésìmesì. Bí Kérésìmesì bá kọjá, ẹ wá nǹkan mìíràn sọ. Orí wọn kò fi bẹ́ẹ̀ dúró mọ́, wọn á ti gbàgbé èyí tí ẹ sọ tẹ́lẹ̀.

Àwọn ará ìjọ tó ń gbé ìwé ẹ̀bẹ̀ wá sí ṣọ́ọ̀bù yín, ẹ lé wọn. Báńkì ni wọ́n fi mí pè. Nígbà tí mo wà ní sẹ́mínárì tí bàtà mi lu, mi ò rí ọ̀kan nínú wọn. Ẹ má sì jẹ́ kí Kàátán rí lẹ́tà yìí, nítorí pé ọkùnrin yẹn kò mọ ìgbà tó yẹ kí èèyàn pa ẹnu dé.

Ẹ̀gbọ́n mi, ẹ̀yin lẹ ní kí n kọ ọ́ bó ṣe rí.

Àbúrò yín.


Ọjọ́ kẹrìnlá, oṣù Karùn-ún

Àbúrò mi,

Lẹ́tà tí o kọ ti tẹ̀ wá lọ́wọ́. Mo ní "wá", nítorí pé gbogbo ìjọ ló gbà á.

Mi ò mọ bóyá ìwọ ni tàbí akọ̀wé rẹ, àmọ́ inú àpò ìwé tó ní òǹtẹ̀ Bíṣọ́ọ̀bù ló ti wá, fìlà àti ọ̀pá lórí rẹ̀, orúkọ ìjọ wa nìkan ló sì wà lẹ́yìn rẹ̀. Fada tuntun tí wọ́n fún wa kò gbọ́ èdè wa. Ó rí òǹtẹ̀, ó gbé e fún katikísì. O mọ̀ bí wọ́n ṣe ń ṣe é: ìwé tó bá ní òǹtẹ̀ Bíṣọ́ọ̀bù lára, Ọjọ́ Àìkú tó bá tẹ̀ lé e ni wọ́n ń kà á lẹ́yìn ìwàásù, a ó dìde, a kì í sì í dá a dúró.

Kàátán wọ aṣọ funfun. Ó wẹ ọ̀fun rẹ̀ mọ́. Ó ní, "Ẹ dìde fún ìwé Bíṣọ́ọ̀bù, ọmọ wa tó wà lókè òkun." A dìde. Mo di ìgbọ̀nwọ́ Màmá mú, òun náà dìde níwájú ibẹ̀. "Ẹ̀yin ìdílé mi ọ̀wọ́n nínú Olúwa." Ó dùn mọ́ wọn. Àwọn ìyá ń ṣe "Àmín" sí i. Màmá ń mi orí, ó sọ sí mi létí pé, "Ó ṣì mọ̀wé."

Lẹ́yìn náà ló dé ibi tí o ti ní o kò ní wálé. Mo rò pé yóò dákẹ́. Ẹni tó ka ìṣirò owó òrùlé títí iná fi kú, tó sì ní kí wọ́n mú àbẹ́là wá kóun parí rẹ̀, ṣé òun ni yóò dákẹ́? Mo gbé ọwọ́ sókè sí i. Ó rò pé mo ní kó gbé ohùn sókè ni, ó bá gbé e sókè. Ó ka ti ibojì. Ó ka ti páìpù. Ó ka ti orí Màmá tí kò dúró mọ́, pẹ̀lú ohùn tó fi ń ka ìhìnrere. Nígbà tó dé orí ọ̀rọ̀ báńkì, àwọn èèyàn kò wo pẹpẹ mọ́, èmi ni wọ́n ń wò. Nígbà tó dé orí ara rẹ̀, mo rí i pé ojú rẹ̀ ti ṣáájú ẹnu rẹ̀ débẹ̀. Ó sì kà á. Ó kà á tán. Fada ní, "Ọpẹ́ ni fún Ọlọ́run," ìyẹn nìkan ló gbọ́ nínú èdè wa.

Màmá gbé tìmùtìmù pupa yẹn sí abẹ́ apá, ó rìn gba àárín ṣọ́ọ̀ṣì kọjá, ó gbé e sílẹ̀ lẹ́nu ilẹ̀kùn, ó jókòó sórí àga onípákó tó ń jókòó sí kí o tó joyè. Nígbà tí wọ́n ń gba Ara Olúwa, kò jáde síwájú.

Ọjọ́ Ajé, ìdajì búrẹ́dì mi kò tà. Obìnrin tó gbé ìwé ọmọ rẹ̀ wá wá gbà á padà. Ó ní, "Mo rò pé ìdílé ni mo lọ bá, mi ò mọ̀ pé báńkì ni." Àwọn tó jẹ mí ní gbèsè ti rí ohun tí wọn yóò máa sọ. Àfi aránṣọ nìkan ló ra bó ṣe ń rà, ó ní òun kò bínú, nítorí pé o ti pe èmi ọmọ ìyá rẹ ní ọ̀rẹ́ tipẹ́tipẹ́. Kàátán wá dọ̀bálẹ̀ fún Màmá ní ìrọ̀lẹ́. Màmá ní, "Dìde. Ìwọ lo kà á, ìwọ kọ́ lo kọ ọ́."

Ó wá ní kí n jókòó kí n kọ ohun tóun fẹ́ wí, kí n má ṣe é lọ́ṣọ̀ọ́. Òun nìyí:

"Fada, mi ò gbàgbé. Mo rántí ọjọ́ tí mo bí ọ, mo rántí ẹni tó gbé omi wá, mo rántí ohun tí ó sọ nígbà tó rí ọ, ó ní o burẹ́wà. Àyè tí mò ń gbá, mi ò mọ̀ pé afẹ́fẹ́ ni mò ń gbá a fún. Mo ní ìbéèrè kan. Àwọn tí yóò tẹ́ ọ sẹ́gbẹ̀ẹ́ omi gbígbóná, ṣé wọ́n mọ orúkọ tí mo sọ ọ́? Wọ́n ní ẹni ọmọ sin ló bímọ. Èmi bímọ. Ọmọ tí yóò sin mí wà nínú ilé yìí, fúláwà wà lọ́wọ́ rẹ̀. Ẹni tí kò bá wá wò mí lójú ayé, kó má fi aṣọ wúrà wá sin mí. Mo ti wí tèmi."

Tèmi kò gùn. Mo ní kí o sọ òótọ́ fún mi. O sọ ọ́, o sì fi irọ́ lé mi lọ́wọ́ kí n máa bá ọ gbé e kiri títí ìyá wa yóò fi kú. Òótọ́ rẹ, mo lè gbé e. Irọ́ rẹ, gbé e fúnra rẹ.


Ọjọ́ kẹrìndínlógún, oṣù Kẹfà

Ẹ̀gbọ́n mi,

Mi ò mọ bí mo ṣe fẹ́ bẹ̀rẹ̀. Akọ̀wé rí lẹ́tà náà lórí tábìlì mi, ó rí i pé ìjọ ni yóò gbà á, ó fi sínú àpò tó ń lò fún gbogbo ìjọ. Kò mọ ohun tó wà nínú rẹ̀. Èmi ló yẹ kí n lẹ̀ ẹ́. Láti ìgbà tí lẹ́tà yín ti dé, bí mo bá dìde láti wàásù, ohùn Kàátán ni mò ń gbọ́.

Mo fẹ́ ṣàtúnṣe rẹ̀. Ohun tó bàjẹ́ ní gbangba, gbangba ló yẹ ká ti tún un ṣe. Ìwé ìtọrọ àforíjì sí gbogbo ìjọ wà pẹ̀lú èyí. Mo fi òǹtẹ̀ sí i kí wọ́n lè kà á ní Mísà bí wọ́n ṣe ka ti àkọ́kọ́. Mo bẹ Màmá nínú rẹ̀, mo bẹ katikísì, mo bẹ gbogbo ará.

Mo sì ti kọ̀wé sí Bíṣọ́ọ̀bù ilé wa, nítorí pé ẹnì kan nínú wa kì í wọ agbègbè ẹnì kejì láìjẹ́ kó mọ̀. Wọ́n dáhùn pẹ̀lú ayọ̀. Wọ́n ní àyè wà nínú oṣù Kẹwàá. Wọn yóò wá pàdé mi ní pápákọ̀, Mísà ńlá yóò wà, a ó sì gbé Màmá padà sí àga wọn níwájú gbogbo èèyàn. Ẹ bá mi sọ fún wọn pé kí wọ́n ní sùúrù di ìgbà náà.

Àwọn tó wà nínú ṣọ́ọ̀ṣì yẹn ti jáde. Ọlọ́pàá ló mú wọn jáde, èmi ni mo fọwọ́ sí ìwé rẹ̀. Mo lọ dúró síbẹ̀, nítorí pé kò yẹ kí n fọwọ́ sí i kí n sì jókòó sílé. Ìyá arúgbó tó fi mí ṣe yẹ̀yẹ́ níjelòó ló jáde kẹ́yìn. Ẹrù wà lọ́wọ́ rẹ̀. Ó na fíláàsì rẹ̀ sí mi láìwo ojú mi, mo gbà á, mo bá a gbé e dé ìsàlẹ̀ àtẹ̀gùn. Ó gbà á padà, ó lọ. Mi ò mọ ẹni tí mo lè sọ èyí fún níbí.

Àbúrò yín.


Ọjọ́ karùn-ún, oṣù Keje

Àbúrò mi,

Ìwé àforíjì rẹ ni mo fi sínú èyí, mo dá a padà. Òǹtẹ̀ rẹ̀ kò já. Lẹ́nu ilẹ̀kùn ìyẹ̀wù àwọn àlùfáà ni mo ti bá Kàátán, ó ti wọ aṣọ funfun. Mo ní, "Bàbá, ẹ mú un wá." Ó ní, "Oníbúrẹ́dì, ìwé Bíṣọ́ọ̀bù ni. Kíkà ló ń fẹ́." Mo ní, "Èyí tí ẹ kà níjọ́sí kò tíì tán nílé wa." Ó wo ìwé náà, ó wò mí, ó gbé e fún mi. Ìgbà àkọ́kọ́ nìyẹn tí ọkùnrin náà máa fi nǹkan sílẹ̀ láìkà.

Àforíjì tí o fẹ́ tọrọ, èèyàn kan lo jẹ ẹ́. Kò sí lórí àga iwájú. Orí ibùsùn ló wà.

Ẹsẹ̀ rẹ̀ ti wú dé orúnkún. Nọ́ọ̀sì tó ń wá ní omi ti ń gun àyà rẹ̀. Mo fi ìrọ̀rí mẹ́ta gbé e jókòó, nítorí pé kò lè dùbúlẹ̀ gbalaja mọ́. Mo bi nọ́ọ̀sì náà bóyá yóò rí oṣù Kẹwàá. Ó ń ká okùn ẹ̀rọ rẹ̀, ó ní, "Ìyá, ẹ má bi mí ní ohun tí ẹ ti mọ̀."

Mo ka lẹ́tà rẹ fún Màmá látòkèdélẹ̀. Nígbà tí mo dé ibi Mísà ńlá àti pápákọ̀, ó di ojú rẹ̀, mo rò pé ó ti sùn. Nígbà tí mo dé ibi fíláàsì, ó ní kí n tún un kà. Mo tún un kà. Ó ní, "Ó gbé e fún un?" Mo ní ó gbé e. Ó ní, "Ó ṣì mọ bí wọ́n ṣe ń gba ẹrù lọ́wọ́ àgbà." Ojú rẹ̀ mọ́lẹ̀ díẹ̀, ó mu ògì díẹ̀ sí i lálẹ́ ọjọ́ náà. Kí n sọ òótọ́ fún ọ? Fíláàsì yẹn ló dùn mí jù nínú gbogbo ohun tí o ti ṣe. Ìyá ẹlòmíràn, tó fi ọ́ ṣe ẹlẹ́yà, o rí àyè dúró lójú ọ̀nà de òun.

Màmá pe Fada ìjọ, aránṣọ ló ṣe ògbufọ̀. Ó ní bí òun bá kú lónìí, kí wọ́n sin òun lọ́la. Kí wọ́n má gbé òun sí yàrá yìnyín, kí wọ́n má dúró de ẹnikẹ́ni tó ń bọ̀ láti ibikíbi. Fada bi í lẹ́ẹ̀mejì bóyá ó dá a lójú. Ó ní, "Ẹ bá mi sọ fún ọmọ yìí pé ẹsẹ̀ mi ló ń dùn mí, orí mi kò dùn mí." Wọ́n ti gbà fún un.

O mọ̀ pé èmi kì í ṣe nǹkan láìṣírò iye tí yóò ná mi. Mo ti bá ọ ṣírò eléyìí. Bí o bá wá báyìí, yóò ná ọ ní owó ọkọ̀, yóò ná ọ ní ẹnu àwọn èèyàn níbẹ̀. Wọn yóò ní àlejò tì wá mọ́ta tán, ó sá lọ sílé. Bíṣọ́ọ̀bù ilé wa yóò ní o kò bọ̀wọ̀ fún òun. Bí ọdún bá yí po, wọ́n á ti rí ẹlòmíràn bú. Gbèsè tó ṣeé san nìyẹn. Èkejì, bí o kò bá wá, mi ò rí ibi tí ìṣirò rẹ̀ dópin sí.

Nítorí náà, ọ̀kan nínú méjì. Bí o bá ń bọ̀, mú àpò kan ṣoṣo. Fi òrùka yẹn sílé. Má sọ fún ẹnikẹ́ni, ọmọ tó ń bọ̀ wá wo ìyá rẹ̀ kì í gba ìwé àṣẹ. Gba ẹ̀yìnkùlé wọlé níbi ààrò, ìdájí ló dára, èmi nìkan ni mo máa ń wà lójúfò nígbà náà. O ó bá mi gbé Màmá jókòó, nítorí pé ó ti ń wúwo fún mi. Bí o kò bá ní wá, kọ ọ́ sí òun fúnra rẹ̀, pẹ̀lú ọwọ́ rẹ: "Màmá, mi ò ní wá." Màá kà á fún un bó ṣe rí. Mi ò ní fi ọ̀rọ̀ kan bò ó, mi ò ní fi Kérésìmesì kún un. Bó bá fẹ́ sunkún, màá jókòó tì í. Ṣùgbọ́n kò ní kú sínú láìpẹ́ bíi ti Bàbá.

Àbúrò aránṣọ tó ń wá ra aṣọ lọ́dọ̀ yín ni mo fi lẹ́tà yìí rán. Mo ti kìlọ̀ fún un, kò ní fi lé akọ̀wé lọ́wọ́, ìwọ gan-an ni yóò rí, bó tilẹ̀ jẹ́ pé ẹnu ọ̀nà ni yóò sùn. Yóò dúró títí o fi máa kọ èsì. Àpò ìwé lásán ni kí o fi í sí. Ọjọ́bọ̀, ọjọ́ kẹtàdínlógún oṣù yìí, ni ọkọ̀ rẹ̀ yóò gúnlẹ̀ níbí, ọjọ́ náà ni mo ń retí ìdáhùn rẹ.